Ìró Tí Àbúrò Mi Ń Fi Àtẹ́lẹsẹ̀ Gbọ́

Àbúrò mi obìnrin wà ní púráímárì nígbà tí sankarau mú un, àìsàn tó máa ń mú ọrùn gan nígbà ooru ní Kánò níbí. Ó yè é. Ọ̀pọ̀ ọmọ Gwagwarwa, àdúgbò wa, tó ṣe é lọ́dún náà kò yè é. Ṣùgbọ́n nígbà tó ti ọsibítù dé, tí mo pè é látẹ̀yìn, kò wẹ̀yìn wò. Etí rẹ̀ ti di.

Ẹnu rẹ̀ kò di o. Ó ń sọ̀rọ̀ bó ṣe ń sọ ọ́ tẹ́lẹ̀, àfi pé ohùn rẹ̀ lọ sókè díẹ̀. Àwa tí a fẹ́ dá a lóhùn ni a ò mọ ọ̀nà tí a máa gbà.

Orí bẹ́ẹ̀dì kan náà ni èmi àti ẹ̀ jọ ń sùn. Ní àárọ̀ ọjọ́ kan, inú ń bí mi, mo jókòó, mo ń fi ìka gbá pákó bẹ́ẹ̀dì. Ó ṣíjú wò mí.

"Kí lò ń sọ?"

Mo mirí pé mi ò sọ nǹkan kan.

"O sọ nǹkan. Ó wọ̀ mí lẹ́yìn láti ara pákó."

Ibẹ̀ la ti bẹ̀rẹ̀. Yorùbá tí à ń sọ nílé ló fún wa lọ́gbọ́n, nítorí ohùn rẹ̀ ń lọ sókè, ó ń bọ̀ nílẹ̀. A fi ẹ̀ṣẹ́ ṣe ohùn ìsàlẹ̀, kó lè dún kìì. Ti àárín, ìka kan, jẹ́jẹ́. Ti òkè, ìka méjì tó ń sáré tẹ̀lé ara wọn. Ọjọ́ tí mo kan "omi" sára pákó, tó dìde, tó lọ bu omi wá fún mi, mo sunkún débi pé mi ò lè mu omi náà.

Ó níbi tó ti ń kọsẹ̀. Ní ṣọ́ọ̀ṣì, gèlè ìyá kan dí gbogbo pẹpẹ mọ́ wa lójú. Mo kàn án sára bẹ́ǹṣì pé, "Wo gèlè." Bákan náà ni gèlè àti bàtà ṣe ń dún. Àbúrò mi wo ẹsẹ̀ ìyá náà, ó rí i pé dúdú ni bàtà kan, pupa ni èkejì. Ó bú sẹ́rìn-ín láàárín àdúrà. Màmá wa fa etí àwa méjèèjì.

"Ẹ fẹ́ dójú tì mí nílé Ọlọ́run, àbí? Mi ò gbọdọ̀ gbọ́ kó-kó-kó yẹn mọ́!"

Láti ìgbà náà ló ti di àṣírí wa. Màmá kò gbọ́ ọ mọ́, ṣùgbọ́n a kò fi í sílẹ̀.

A dàgbà. Mo ń ta òwú àti bọ́tìnnì ní France Road, àbúrò mi ń ránṣọ lókè ilé wa ní Enugu Road. Páìpù omi kan wá láti ibi táǹkì, ó gba ẹ̀gbẹ́ máṣíìnì rẹ̀, níbi tó máa ń gbé àtẹ́lẹsẹ̀ lé, wá sí àgbàlá. Bí mo bá fẹ́ pè é, páìpù yẹn ni mò ń kàn.

Lọ́sàn-án Sátidé kan, mò ń fọṣọ ní àgbàlá. Gáàsì gbiná ní ṣọ́ọ̀bù iwájú ilé. Kí n tó nàró, èéfín ti bo àtẹ̀gùn iwájú, àwọn èèyàn ń ké "Wuta! Wuta!" pé iná ni. Àbúrò mi wà lókè pẹ̀lú ìyá arúgbó ará Ìlọrin, ìyá lánlọ́ọ̀dù, tí ẹsẹ̀ ń dùn. Fóònù àbúrò mi wà lọ́dọ̀ mi, mo ti bá a gbé e lọ cháàjì. Mo fẹ́ sáré gòkè, ni mai shayi tó ń ta tíì lẹ́nu ọ̀nà wa bá dì mí mú.

"Ke, kar ki hau!" Ó ní n kò gbọdọ̀ gòkè.

Mo já ara mi gbà lọ́wọ́ rẹ̀, mo sáré padà sídìí páìpù, mo gbé ọmọ ọlọ, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í lu páìpù: iná ń jó, gba ẹ̀yìn. Iná ń jó, gba ẹ̀yìn. Ẹ̀rù ń bà mí pé kò ní yé e. Mo gbé àtẹ́lẹwọ́ lé páìpù. Lójijì ni ìdáhùn rẹ̀ sọ̀ kalẹ̀ wá bá mi lọ́wọ́: mò ń bọ̀.

Àtẹ̀gùn onírin tó wà lẹ́yìn ilé ló gbà sọ̀ kalẹ̀, ó pọn ìyá arúgbó náà sẹ́yìn bí ọmọ ọwọ́. Àwọn ọkùnrin àdúgbò fi iyẹ̀pẹ̀ pa iná náà kó tó wọ inú ilé. Mai shayi ń wò wá láti orí dé ẹsẹ̀. Ó ní ta ló sọ fún un lókè, ẹni tí etí rẹ̀ di?

"Ẹ̀gbọ́n mi ló pè mí," ni àbúrò mi wí nígbà tó wo ẹnu mai shayi, tó mọ ohun tó ń béèrè. Ó yíjú sí mi. "Àtẹ́lẹsẹ̀ mi ló gbà á. Ilé ń jó ni mo kà á sí o."

"Iná ń jó ni mo wí."

"Ṣé kì í ṣe ọ̀kan náà ni?"

Mo dì mọ́ ọn. Orí mi kò wú rí láyé mi bíi ti ọjọ́ yẹn.

Nígbà tí Màmá dé, tó gbọ́ gbogbo rẹ̀, ó fa àga wá. Ó jókòó ti àbúrò mi, ó na ìka rẹ̀. "Ẹ kọ́ èmi náà."

Ó ti kúrò ní àṣírí báyìí. Àwọn ọmọ ilé wa, tó jẹ́ Hausa ni wọ́n fi ń dáhùn tí a bá sọ Yorùbá sí wọn, ń wá kọ́ ọ lọ́dọ̀ àbúrò mi. Ẹni tí kò bá mọ ohùn Yorùbá kò lè kàn án. Lánàá, ó gbé ọwọ́ lé tábìlì, ọ̀kan nínú wọn ń kàn, ó dá a dúró.

"Rárá. Ọkọ́ lo wí yẹn. Ọkọ ni mo ní kí o pè. Tún un ṣe."

Ọmọ náà tún un ṣe.