Bí Mo Ṣe Pe Onílé Ní Àlejò Lọ́jọ́ Ìbí Kábíyèsí

Ẹ jẹ́ kí n ro ohun tójú mi rí lọ́jọ́ ìbí Kábíyèsí wa fún yín. Ẹ mọ̀ pé n kì í sábà sọ̀rọ̀ níbí.

Ìlú wa kò jìnnà sí Ìlútítun. Láti ìgbà tí àwọn ajínigbé ti sọ ọ̀nà oko wa di ojú ogun, àwa ọmọ Ìkálẹ̀ là ń ṣọ́ igbó, àwọn Ijaw etídò sì ń fi ọkọ̀ ṣọ́ odò. Bí apá kan bá jáwọ́, a ti tú nìyẹn!

Ṣé irú àsìkò yìí ló yẹ ká ṣe bọ́ọ̀dé? Mo béèrè. Kábíyèsí fèsì pé àsìkò ogun gan-an ló yẹ kí gbogbo wa jọ jẹun lójú kan, kí ọ̀tá lè gbọ́. Mo rò ó wò, mo gbà díẹ̀. Wọ́n wá ní kí èmi tí mo lọ yunifásítì kọ ọ̀rọ̀ ìkíni.

Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo tún un kà! Níwájú èrò, mo kí àwọn ìjòyè, mo kí àwọn wòlíì aláṣọ funfun, mo wá ní, "Ẹ̀yin Ijaw, àlejò wa pàtàkì."

Lójú tèmi, ọ̀wọ̀ ni. Ṣebí àlejò là ń bu ẹran ńlá fún?

Baba Tari, olórí àwọn tó ń ṣọ́ odò, dìde. Ìkálẹ̀ ẹnu rẹ̀ já gaara ju tèmi lọ. "Ọmọ mi, etídò yìí ni wọ́n sin bàbá mi àgbà sí. Ìgbà wo ni àlejò yìí máa padà sílé?"

Àwọn ọmọkùnrin rẹ̀ ti ń gbé àjẹ̀ wọn, wọ́n fẹ́ máa lọ. Mo wo Kábíyèsí pé kó gbà mí. Ó ní ẹni tó kọ ọ́ ni yóò pa á rẹ́.

Mo fa báírò yọ, mo fagi lé "àlejò" lójú gbogbo èèyàn. Mo bẹ̀bẹ̀, mo sì tún un kà: "Ẹ̀yin Ijaw, onílé bíi tiwa."

Baba Tari bú sẹ́rìn-ín. "Akọ̀wé! Ó yá, bu púpurú fún onílé!"

Èmi fúnra mi ni mo bu òkèlè ẹ̀gẹ́ náà. Àwọn ọmọ rẹ̀ náà jókòó. Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, ọkọ̀ wọn wà lójú odò.

N kò lè sọ pé bọ́ọ̀dé ọba ló ń mú ìlú ṣọ̀kan. Ohun tó dá mi lójú ni pé ó kó wa jọ síbi tí ọ̀rọ̀ náà ti jáde, tí a sì rí i tún ṣe. Ká ní inú ilé wa la ti ń sọ ọ́ ni, ọjọ́ tí odò bá ṣófo la máa tó mọ̀!

Ẹ̀yin náà ńkọ́? Orúkọ wo lẹ ti pe aládùúgbò yín, tẹ́ ẹ rò pé iyì ni? Ẹ kọ ọ́ sísàlẹ̀, mo fẹ́ kà á.