Fíìmù Tí Mi Ò Béèrè

Nílé, abẹnu-bí-abẹ ni wọ́n ń pè mí, ṣùgbọ́n níwájú àgbà, ẹnu mi kì í là. Ohun tó ṣe mí ní Eccles, nílùú Òyìnbó, nìyẹn.

Àwọn ọdún 1980 ń parí lọ, mò ń kẹ́kọ̀ọ́ nípa fíìmù ní yunifásítì ní Salford. Bàbá àgbàlagbà kan, ọmọ Mẹ́síkò, ń gbé lọ́dọ̀ ọmọ rẹ̀ obìnrin ní Eccles. Kò sí irú fíìmù tí bàbá yìí ò ṣe rí nílùú wọn: tẹ̀rín, tẹkún, ti iwin, ti àwọn tó ń wọ ìbòjú ja gídígbò. Ó kọ ìtàn, ó gé fíìmù, ó darí eré. Lọ́jọ́ tí òṣèré kan ò wá, òun fúnra rẹ̀ ló wọ ìbòjú bọ́ sójú agbo. Ìtàn iṣẹ́ rẹ̀ ni mo fẹ́ fi gboyè.

Ní gbogbo Sátidé, màá wọ bọ́ọ̀sì nínú òjò, màá kúnlẹ̀ kí i, màá tan rẹ́kọ́dà. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́, ọmọ rẹ̀ ti fà mí sí kíṣìnì, ó ní òkun ló gbé àbúrò òun ọkùnrin lọ níbi tí bàbá ti ń ya fíìmù kan, àtọjọ́ náà ni kò sì ti ya òmíràn mọ́.

Bí bàbá bá ti sọ̀rọ̀ dé ibi fíìmù yẹn, á dákẹ́, á máa wò mí. Ta ló máa bi àgbà léèrè ọmọ tó ṣòfò? Wọ́n á ní wọn ò kọ́ ẹ nílé. Kíá ni màá tún béèrè ọ̀rọ̀ gídígbò. Á mí kanlẹ̀, á dáhùn. Olùkọ́ mi kọ ọ́ sára ìwé mi pé kí ló dé tí ọkùnrin yìí fi iṣẹ́ sílẹ̀. Inú bí mi. Mo ní òyìnbó ò mojú, òyìnbó ò mọra.

Kí ọdún Àjíǹde tó dé, bàbá kú. Mo lọ bá ọmọ rẹ̀ kẹ́dùn. Ó gbé tíì fún mi, ó jókòó tì mí.

"Gbogbo Sátidé ni bàbá ń retí kó o bi òun nípa àbúrò mi. Èmi ò lè gbọ́ ọ kí n má sunkún, ó sì mọ̀. Ìwọ ló fẹ́ sọ ọ́ fún. Kí ló dé tó ò béèrè?"

Bí mo bá sọ pé ọ̀wọ̀ ni, ṣé ó máa yé e? Ó dùn mí dọ́kàn, ó ṣì ń dùn mí. Wọ́n ní abéèrè ọ̀nà kì í ṣìnà. Èmi tí mi ò béèrè ńkọ́?

Mo gboyè. Àwọn kásẹ́ẹ̀tì tí mo fi gba ohùn bàbá sílẹ̀ ṣì wà lọ́wọ́ mi. Bàbá á sọ̀rọ̀ títí, á dákẹ́, wàá máa gbọ́ òjò lára fèrèsé. Lẹ́yìn náà ni wàá gbọ́ ohùn mi:

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, ta ló fi aṣọ rán àwọn ìbòjú yẹn?"