Winifred Ta Kú Lórí Aago Márùn-ún

Nílé ìgbàlejò Winifred Hargreave, aago márùn-ún ni oúnjẹ ìrọ̀lẹ́, kò sì sẹ́ni tó láyà láti pẹ́ dé. Bí wọ́n bá ti jẹun àárọ̀ tán, á lé gbogbo àlejò síta, á tilẹ̀kùn títí di ìrọ̀lẹ́, òjò ì báà máa rọ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni gbogbo obìnrin tó ń gba àlejò nílùú etíkun yẹn ń ṣe.

"Òkun ni wọ́n bá wá," Winifred á wí, "kí wọ́n lọ wòkun!"

Àfìgbà tí wọ́n sọ ilé sinimá di ilé bíńgò, níbi tí wọ́n ti ń pe nọ́ńbà, tí ẹni tí nọ́ńbà káàdì rẹ̀ bá kọ́kọ́ pé á ké, á sì gbowó. Ibẹ̀ móoru, tíì sì wà. Àwọn àlejò tó máa ń gbọ̀n nínú òtútù ní ibùdókọ̀ tẹ́lẹ̀ ríbi forí pamọ́ sí, ni wọn ò bá rántí ilé mọ́.

Lọ́jọ́ kan, aago márùn-ún lù, ẹran ẹlẹ́dẹ̀ wà lórí tábìlì, gbogbo àga ṣófo. Doris Tattersall pàápàá ò sí níbẹ̀, Doris tó ń ṣiṣẹ́ nílé ìhunṣọ, tó ti ń wá lọ́dọọdún látìgbà tí ọkọ Winifred ti wà láyé. Ọ̀sẹ̀ tí Doris bá wá ni Winifred fẹ́ràn jù nínú ọdún, àmọ́ agídí ò jẹ́ kó sọ ọ́ jáde rí. Inú bí i, ó gba ilé bíńgò lọ tòun ti épírọ́ọ̀nù.

"Doris! Oúnjẹ ti ń di yìnyín o!"

Ilé kọ hà. Ta ní í pariwo níbi tí wọ́n ti ń pe nọ́ńbà? Nọ́ńbà kan ṣoṣo ló kù kí káàdì Doris pé, nọ́ńbà náà gan-an ni wọ́n sì ṣẹ̀ṣẹ̀ pè. Kó tó yíjú padà sí káàdì rẹ̀ kó lè ké, wọ́n ti pe òmíràn, owó náà sì ti bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́ nìyẹn.

"Ẹ bá wa mú màmá yìí jáde, ẹ jọ̀ọ́!" ni ẹnì kan ké lẹ́yìn.

Doris ò pariwo. "Wini, ilé ìgbàlejò pọ̀ nílùú yìí. Aago mẹ́fà làwọn tó kù ń gbóúnjẹ kalẹ̀ báyìí. Ọ̀dọ̀ wọn ni mò ń lọ lọ́dún tó ń bọ̀."

Ọ̀rọ̀ náà dun Winifred wọra. Kò fojú kan oorun.

Lọ́jọ́ kejì, ó ṣe ohun tí kò ṣe rí: ó fi ilẹ̀kùn sílẹ̀ láìtì. Ó ki ẹran bọ búrẹ́dì, ó pọ́n ọn sí bébà, ó lọ jókòó ti Doris nílé bíńgò, ó sì rọra tì í sí i. Aago márùn-ún géérégé ni o. Ìyẹn ò lè yẹ̀ láéláé.

Doris gé e jẹ, ojú rẹ̀ ò kúrò lórí káàdì.

"O ò tiẹ̀ fi mọ́sítáàdì sí i."

"Má bínú, Doris. Ti àná yẹn—"

"Dákẹ́, wọ́n ń pe nọ́ńbà." Ó tún gé e jẹ. Nígbà tó yá, ó sọ ọ́ wúyẹ́wúyẹ́: "Lọ́dún tó ń bọ̀, yàrá tó kọjú sókun ni kó o fún mi."

 Winifred di ọwọ́ òsì ọ̀rẹ́ rẹ̀ mú, nítorí ọ̀tún ni bírò tó fi ń sàmì sí káàdì wà.