Ọdún Tí Bàbá Mi Ṣi Lékeléke Kà

Bàbá mi kò ka kàlẹ́ńdà sí nǹkan kan. Èyí tí mo gbé wálé láti kọ́lẹ́ẹ̀jì àwọn olùkọ́, ẹ̀yìn ilẹ̀kùn ló gbé e kọ́ sí, ó fi bo ibi tí ikán ti jẹ ògiri. Lékeléke ni kàlẹ́ńdà tirẹ̀. Bí ọyẹ́ bá ti ń sún mọ́lé, àwọn ẹyẹ náà á dé, funfun báláú, wọ́n á máa tẹ̀ lé màlúù àwọn Fúlàní kiri inú pápá. Bí òjò bá wá fìdí múlẹ̀, a ò ní í rí wọn mọ́ títí di ọyẹ́ mìíràn. Bí bàbá mi bá ti wo pápá fún ọjọ́ méje tí kò rí funfun kankan níbẹ̀, á sọ gbólóhùn kan péré: "Wọ́n ti lọ." Ìyẹn ni pé kí a kó irúgbìn bọ́ sóko.

Kì í ṣe ilé wa nìkan ló ń gba ọ̀rọ̀ yìí gbọ́. Gbogbo ẹni tó ń dáko lójú ọ̀nà tiwa ní Ṣẹ̀pẹ̀tẹ̀rí ló máa ń yà bèèrè lọ́wọ́ rẹ̀: "Bàbá Tíṣà, ṣé wọ́n ti lọ?" Wọn kì í dárúkọ ẹyẹ, wọn kì í dárúkọ òjò. Àlejò tó bá jókòó tì wá á rò pé agbowó-orí ni wọ́n ń sá fún. Èmi ni Tíṣà tí wọ́n fi ń pè é, bó tilẹ̀ jẹ́ pé n kò tíì kọ́ ọmọ ẹnì kankan.

Ogun abẹ́lé ti parí nígbà náà, ó ti lé ní ọdún mẹ́wàá. Mo ti gba ìwé ẹ̀rí, mo jókòó sílé, mò ń retí lẹ́tà ìgbanisíṣẹ́, ẹnu mi sì mú bí abẹ. Mo ti ka ìdí tí ẹyẹ fi ń ṣí láti ilẹ̀ kan dé òmíràn nínú ìwé jọ́gíráfì, ta ló tún fẹ́ pa mí lẹ́nu mọ́? Mo ní, "Bàbá, ẹyẹ ò mọ òjò o. Oúnjẹ ló ń lé kiri. Nígbà òjò, tata máa ń pọ̀ lápá àríwá lọ́hùn-ún, ibẹ̀ ni wọ́n ń lọ, ibẹ̀ náà ni wọ́n sì ń yé ẹyin sí."

Bàbá mi rẹ́rìn-ín. "Èmi náà ńkọ́, kí ni mò ń lé kiri? Ìwé ẹ sọ òótọ́. Àmọ́ kò sọ ọjọ́ tí màá gbìn." Inú bí mi.

Oko tiwa, oko ọkọ́ àti àdá ni. Ebè la ń kọ fún iṣu, a ń gbin àgbàdo àti ọkà bàbà, a sì ní àkùrọ̀ kékeré kan létí odò tí a fi ń jẹ ẹ̀fọ́ nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Bí ó bá ti rẹ ilẹ̀, a ó fi í sílẹ̀ kó sùn. Bàbá mi a máa sọ pé àgbẹ̀ ni Fúlàní náà, pé ẹran ni wọ́n ń gbìn, ilẹ̀ tí wọ́n ń gbìn ín sí ló kàn ń rìn. Oko tí kò yé e ni èyí tí àwọn kan wá dá sí ojú ọ̀nà Ṣakí, tí gbogbo wa ń pè ní Oko Katakata. Wọ́n wú igi igbá tí a fi ń ṣe irú, wọ́n wú igi emi tí a fi ń ṣe òrí, wọ́n fi katakata túlẹ̀ títí ojú ò fi tó òpin rẹ̀ mọ́. Bàbá mi lọ wò ó lẹ́ẹ̀kan. Nígbà tó dé, ó ní, "Wọn ò fi igi kan sílẹ̀ tí èèyàn á jókòó sábẹ́ ẹ̀ jẹun." Kò tún lọ mọ́.

Obìnrin kan wà tó pààlà pẹ̀lú wa, opó ni. Ìsàlẹ̀ oko wa ni oko tirẹ̀ wà, nítorí náà Ìyá Ìsàlẹ̀ la ń pè é. Lọ́dún yẹn, iná ọyẹ́ ti jó àká rẹ̀ pátá, iṣu, ọkà, gbogbo rẹ̀. Ohun tó kù fún un láyé ni irúgbìn àgbàdo kóńgò mẹ́ta tó wà nínú akèrègbè lókè àdògán, tó fi eérú dí lẹ́nu. Ebi ń pa á, a rí i lójú rẹ̀, síbẹ̀ kò fọwọ́ kan akèrègbè yẹn. Bí irúgbìn náà bá kú sílẹ̀, kò sí oko fún un mọ́, àfi kó lọ máa jókòó sí kọ̀rọ̀ ilé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ní Irawo.

Òjò àkọ́kọ́ rọ̀ lọ́sàn-án Jímọ́ọ̀ kan, lẹ́yìn ìrun. Ọjọ́ kẹta, ó tún rọ̀, ilẹ̀ tutù dáadáa. Àwọn Fúlàní ti kó màlúù wọn kúrò tipẹ́, torí odò ẹ̀gbẹ́ wa ti gbẹ. Bàbá mi bẹ̀rẹ̀ sí í ka ọjọ́. Lọ́jọ́ keje, ó mú mi lọ sórí àpáta kan tí a ti lè rí gbogbo pápá. "Ojú mi ń ṣe bàìbàì," ló wí, "bá mi wò ó."

Mo wò ó. Mo wò ó dáadáa o, ẹ má rò pé mo ṣeré. Kò sí funfun kankan nínú pápá, bí ojú mi ṣe mọ. Mo ní kò sí.

"Wọ́n ti lọ," ni bàbá mi wí.

Bí a ti ń sọ̀ kalẹ̀ ni Ìyá Ìsàlẹ̀ bá wa lójú ọ̀nà. Ó kúnlẹ̀, ó bèèrè. Bàbá mi ní, "Wọ́n ti lọ. Gbìn ín. Má fi ẹyọ kan sílẹ̀, ọdún yìí á dára." Inú rere ló fi sọ ọ́. Àgbẹ̀ tó gbọ́n a máa fi díẹ̀ pamọ́, obìnrin náà sì mọ̀, àmọ́ ta ni yóò gbọ́ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ lẹ́nu bàbá mi tí kò ní í da gbogbo rẹ̀ sílẹ̀? Ó da gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Àwa náà gbin tiwa.

Ọjọ́ kẹrin ni mo wọ ọkọ̀ lọ Ṣakí nítorí lẹ́tà mi. Bí a ṣe ń kọjá lójú Oko Katakata, mo rí wọn. Lékeléke! Wọ́n kún ẹ̀yìn katakata, àfi bí ìgbà tí wọ́n da òwú sílẹ̀. Bí irin ti ń tú ilẹ̀ ni wọ́n ń ṣa ìrẹ̀ àti ekòló jẹ, wọn ò tilẹ̀ bẹ̀rù ariwo. Ẹ wá wo inú mi bó ṣe dùn! Mo tọ́ka sí wọn fún ẹni tó jókòó tì mí. Ṣebí mo ti sọ pé oúnjẹ ni?

Àfi bí mo ṣe délé tí mò ń fọ́nnu. Bàbá mi ń jẹ oúnjẹ lọ́wọ́. Mo ní, "Bàbá, mo rí àwọn lékeléke yín! Ẹ̀yìn katakata ni wọ́n wà. Ṣé mi ò sọ fún yín?"

Ọwọ́ rẹ̀ dúró sínú àwo. "Wọn ò lọ?"

"Wọn ò lọ. Wọ́n kàn ṣí lọ sọ́hùn-ún ni." Ìgbà tí mo sọ ọ́ tán ni mo tó gbọ́ ohun tí mo sọ. Bàbá mi fọ ọwọ́ rẹ̀. Kò jẹun mọ́.

Òjò kò rọ̀ mọ́. Àgbàdo hù, ó yọ ewé méjì, ó yọ ẹ̀kẹta, ó wá bẹ̀rẹ̀ sí í ká kò. Ìmáàmù kó àwọn ọkùnrin lọ sí Yídì, wọ́n yí aṣọ wọn sódì, wọ́n kírun òjò. Oòrùn ń ràn lé wọn lórí bí wọ́n ti ń padà bọ̀. Ìyá Ìsàlẹ̀ ní tirẹ̀ ń fi igbá bu omi láti inú kòtò tó kù nínú odò, ó ń bù ú sídìí àgbàdo lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ń bá wọn sọ̀rọ̀. Mo bá a pọn ọ́n fún ọjọ́ mélòó kan. Kòtò náà di ẹrẹ̀, ẹrẹ̀ náà gbẹ. Mo jókòó sínú poro láàárín ebè, mo sunkún. Kí ni mo tún lè ṣe? Èèyàn ní ọwọ́ méjì, ó lẹ́sẹ̀ méjì, ó kàwé, nǹkan ń kú lójú rẹ̀, kò sì sí ohun tó lè ṣe sí i.

Àwọn èèyàn kò bú bàbá mi lójú. Ẹnì kan kàn kọjá níwájú ilé wa, ó ní, "Bàbá Tíṣà, ẹ kú ewu àwọn tó lọ o." Láti ọjọ́ yẹn, bàbá mi kò jókòó síta mọ́.

Ó tó ọ̀sẹ̀ mélòó kan kí ojú ọ̀run tó tún ṣú díẹ̀. Ọjọ́ náà ni Ìyá Ìsàlẹ̀ wọlé tọ̀ wá wá. Ó lọ sí Irawo, ẹ̀gbọ́n rẹ̀ bu irúgbìn ẹ̀kúnwọ́ méjì fún un, ó dì í sí etí ìró. Mo rò pé ó wá bínú ni, mo tilẹ̀ ń gbàdúrà pé kó bínú. Ó kúnlẹ̀ kí bàbá mi bó ti máa ń kí i, ó ní, "Bàbá Tíṣà, mo tún rí díẹ̀. Ṣé kí n gbìn ín báyìí, àbí kí n ní sùúrù?"

Bàbá mi nawọ́ sí mi. Ó ní, "Má bi mí mọ́. Ọmọ yìí ló sọ òótọ́ nípa ẹyẹ, èmi ni n kò gbọ́. Òun ni kí o bi."

Ìyá Ìsàlẹ̀ ló wẹ̀ mí lọ́jọ́ tí wọ́n bí mi. "Ìwọ ọmọ yìí" ló máa ń pè mí, á sì gbá mi létí bí mo bá já ewé rẹ̀. Ó yí orúnkún rẹ̀ sọ́dọ̀ mi lórí ẹní.

"Tíṣà," ó wí, "ẹ jọ̀ọ́, kí lẹ rí?"

Háà, ó ń fi "ẹ" bá mi sọ̀rọ̀! Mo ní, "Ìyá, ẹ dìde, n kò mọ̀. Mo bẹ̀ yín, n kò mọ nǹkan kan."

Ó mi orí bí ẹni tó gbọ́. Ó tú etí ìró rẹ̀, ó gbé irúgbìn náà lé ilẹ̀ níwájú mi.

"Ẹ má kánjú," ó wí. "Ẹ rò ó dáadáa. Mo máa dúró."