Ọ̀sẹ̀ Mẹ́ta Tí Mo Fi Tún Tẹlifíṣọ̀n Màmá Ṣe

Bí mo bá tẹ bọ́tìnnì orí páàdì géèmù mi, agbábọ́ọ̀lù inú tẹlifíṣọ̀n kì í gbá bọ́ọ̀lù lẹ́sẹ̀kẹsẹ̀. Á kọ́kọ́ dúró díẹ̀, bí ọmọ tí wọ́n pè tó ń díbọ́n pé òun ò gbọ́, kó tó wá gbé ẹsẹ̀. Ìdádúró náà kò gùn ju kí èèyàn ṣẹ́jú lọ. Ṣùgbọ́n kí ẹsẹ̀ tèmi tó dé ìdí bọ́ọ̀lù, àwọn tí ẹ̀rọ ń darí á ti gbé e lọ, wọ́n á ti gbá a sáwọ̀n. Ní àkókò tí mò ń sọ yìí, mi ò ní ọ̀tá mìíràn láyé ju ìdádúró yẹn lọ.

Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ parí yunifásítì ni, mò ń retí kí wọ́n pè mí fún iṣẹ́ àgùnbánirọ̀, mo sì ń gbé lọ́dọ̀ ìyá tó bí ìyá mi, nínú ilé àtijọ́ kan ní Ìgbẹ̀ìn, l'Ábẹ́òkúta. Màmá ni gbogbo wa ń pè wọ́n. Tíṣà ni wọ́n kí wọ́n tó fẹ̀yìn tì, ọmọ ìjọ Áńgílíkà pọ́ńbélé, tó máa ń jí kí agogo ṣọ́ọ̀ṣì tó lù, tí kì í gbóhùn sókè sí ẹnikẹ́ni. Àbúrò ìyá mi ọkùnrin ló ra tẹlifíṣọ̀n náà fún wọn nígbà tí irú èyí tó rí pẹlẹbẹ bẹ́ẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ dóde. Ó ti dàgbà, àwọ̀ rẹ̀ ti ń ṣá lápá kan, ṣùgbọ́n ó fẹ̀, ó sì ń ṣiṣẹ́. Màmá kì í fi wo eré. Ìròyìn ìrọ̀lẹ́ ni wọ́n ń fi í wò, àti ìkéde òkú tó máa ń tẹ̀lé ìròyìn lórí ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n kan láàárín ìlú. Wọ́n á wọ awò ojú, wọ́n á tẹjú mọ́ fọ́tò àwọn tó ti lọ, lọ́kọ̀ọ̀kan, bí ìgbà tí tíṣà bá ń pe orúkọ ọmọ kíláàsì.

"Ẹgbẹ́ wa ló ń tán lọ yìí," ni wọ́n máa ń sọ. "Ẹni tó yẹ kí n sin, kí n má lọ jókòó sílé."

Èmi á rẹ́rìn-ín sínú. Mo rò pé ohun tí àwọn arúgbó fi ń najú nìyẹn.

Ẹ̀gbọ́n mi tó ń ṣiṣẹ́ l'Ékòó ló fún mi ní ẹ̀rọ géèmù rẹ̀ nígbà tó ra tuntun. Nígbà tí mo gbọ́ pé ṣọ́ọ̀bù géèmù kan lápá Ìjẹmọ fẹ́ ṣe ìdíje bọ́ọ̀lù, mo lọ forúkọ sílẹ̀. Nínú àwa méjìlélọ́gbọ̀n, èmi nìkan ni obìnrin. Ọ̀dọ́mọkùnrin tó ń kọ orúkọ wò mí, ó ní, "Àǹtí, orúkọ àbúrò yín ńkọ́?" Ọ̀rọ̀ yẹn gún mi bí ẹ̀gún. Mo rìn dé Ìgbẹ̀ìn láìmọ̀ pé mo rìn, mo sì pinnu pé màá fi imú gbogbo wọn danrin.

Ṣùgbọ́n tẹlifíṣọ̀n tó ń lọ́ra kò jẹ́ kí n lè ṣe ìgbáradì. Mo pe ọ̀rẹ́ mi kan tí a jọ jáde ilé ìwé, ẹni tó mọ̀ nípa irú nǹkan bẹ́ẹ̀, mo ṣàròyé fún un.

"Kì í ṣe ìka ẹ ló ń lọ́ra," ó ní. "Tẹlifíṣọ̀n yẹn ló ń ṣe àwòrán lóge kó tó gbé e síta. Ó ń kùn ún, ó ń dán an, ìwọ sì ń dúró. Wọ inú ètò rẹ̀ lọ, kí o pa gbogbo oge yẹn. Tí o bá rí ibi tí wọ́n kọ géèmù sí, ibẹ̀ ni kí o gbé e sí. Tó bá sì ti yá, má fọwọ́ kan nǹkan kan mọ́ o!"

Odindi ọ̀sán méjì ni mo fi jókòó ti rìmóòtù. Mo pa èyí tó ń mú kí àwòrán máa yọ̀ bí epo, mo pa èyí tó ń tan àwọ̀. Mo yọ wáyà géèmù kúrò nínú ihò kan, mo tì í bọ òmíràn. Lọ́jọ́ kejì, mo tẹ ohun tí mi ò mọ̀, gbogbo ojú tẹlifíṣọ̀n sì di àwọ̀ ewé. Ẹ̀rù bà mí. Mo wá rí ibi tí wọ́n ti lè dá gbogbo rẹ̀ padà sí bó ṣe rí lọ́jọ́ tó ti ilé iṣẹ́ jáde, mo tẹ̀ ẹ́. Ó gbá gbogbo rẹ̀ mọ́ lóòótọ́. Mo tún gbé e sí ibi géèmù, mo tan ẹ̀rọ mi, mo tẹ bọ́tìnnì, agbábọ́ọ̀lù mi sì gbá bọ́ọ̀lù bí ìgbà tí ẹsẹ̀ ara mi ni mo fi gbá a. Igbe ayọ̀ tí mo ké pọ̀ débi pé Màmá bi mí láti inú yàrá pé ṣé kò sí o.

Nígbà tó di ìrọ̀lẹ́ ni mo rí ohun tí mo ṣe. Màmá wọ awò ojú, wọ́n jókòó, wọ́n tan tẹlifíṣọ̀n, kò sí nǹkan kan níbẹ̀. Gbogbo ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n tí ẹ̀rọ náà mọ̀ tẹ́lẹ̀ ti bá ìgbálẹ̀ mi lọ. Kí èèyàn tó rí wọn padà, ó ní láti jẹ́ kí ẹ̀rọ máa wá wọn kiri, kí ó sì bọ́ síta lọ máa yí ọ̀pá eríà. Kò lè ju wákàtí kan lọ. Ṣùgbọ́n ìkìlọ̀ ọ̀rẹ́ mi ń dún létí mi pé kí n má fọwọ́ kan nǹkan kan mọ́. Ìdíje sì ku ọ̀sẹ̀ mẹ́ta.

"Ọmọ mi, kí ló ṣe é?" Màmá bi mí.

Ẹnu mi là, irọ́ bọ́ síta fúnra rẹ̀. "Màmá, ó jọ pé iná ò sí nílé iṣẹ́ wọn ni. Wọ́n ní ẹ̀rọ ńlá kan ló jó."

"Áà! Ó mà ṣe o," ni Màmá wí. "Ọlọ́run á bá wọn tún un ṣe."

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, nígbà àdúrà, Màmá gbàdúrà fún àwọn òṣìṣẹ́ ilé iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n náà, pé kí Ọlọ́run má jẹ́ kí iṣẹ́ bọ́ lọ́wọ́ wọn nítorí ẹ̀rọ tó jó. Èmi ni mo ṣe àmín.

Lójoojúmọ́ ni mò ń sọ pé tó bá di ọ̀la, màá wá ilé iṣẹ́ náà rí. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni Màmá tún béèrè. "Wọn ò tíì rí i tún ṣe?" Mo ní wọn ò tíì rí i tún ṣe. Láti ọjọ́ náà, wọn ò jókòó níwájú tẹlifíṣọ̀n mọ́ nírọ̀lẹ́. Ìwé orin ni wọ́n máa ń mú lọ sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Inú mi dùn, ẹ gbà mí gbọ́, nítorí pé mo rí àyè gbá géèmù mi di alẹ́.

Ọjọ́ ìdíje pé. Mo na ẹni mẹ́ta, ọ̀dọ́mọkùnrin tó bi mí ní orúkọ àbúrò wà nínú wọn. Ẹni kẹrin nà mí ní góòlù kan. Mo padà sílé pẹ̀lú ìbànújẹ́ ńlá, mi ò sì rántí tẹlifíṣọ̀n rárá.

Ní ọjọ́ kejì ìyẹn, lẹ́yìn ìsìn, ọ̀kan nínú àwọn ìyá ìjọ yà sọ́dọ̀ wa. Kó tó jókòó ló ti ní, "Ẹ kú ara fẹ́ra kù o, Màmá."

"Ta ló kú?" ni Màmá bi í.

Obìnrin náà fọwọ́ bo ẹnu. Ìyá Ọ̀dẹ̀dá ni. Mo mọ Ìyá Ọ̀dẹ̀dá dáadáa. Òun àti Màmá ni wọ́n jọ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ tíṣà ní Ọ̀dẹ̀dá nígbà tí wọ́n wà ní ọ̀dọ́bìnrin, yàrá kan ni wọ́n jọ ń gbé, ìkòkò kan ni wọ́n fi ń sebẹ̀. Etí rẹ̀ ti di pátápátá, nítorí náà fóònù kò wúlò láàárín wọn mọ́. Àfi kí ọ̀kan nínú wọn ní okun, kó wọkọ̀ lọ kí ìkejì. Wọ́n sì ti bára wọn ṣe àdéhùn tipẹ́ pé ẹni tó bá kù lẹ́yìn ni yóò ka Bíbélì níbi ìsìnkú ẹnì kejì.

"Ìrọ̀lẹ́ mẹ́rin ni wọ́n fi kéde rẹ̀," obìnrin náà ń sọ. "Ọjọ́ Jímọ̀ ọ̀sẹ̀ tó kọjá ni wọ́n sin ín. Gbogbo wa là ń wojú ọ̀nà fún yín."

"Ilé iṣẹ́ wọn ò ní iná," ni Màmá wí. "Ó ti tó ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Ẹ̀rọ wọn ló jó."

"Ilé iṣẹ́ wo, Màmá? Ojoojúmọ́ la ń wò wọ́n!"

Mo gbé omi tí mo bù fún àlejò kalẹ̀ lórí tábìlì. Àwọn àgbà ní bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò lé e bá. Tèmi ò pé oṣù kan. Màmá yíjú sí mi, wọ́n wò mí, wọ́n wo tẹlifíṣọ̀n àti páàdì tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Wọ́n wá yíjú padà sí àlejò.

"Bóyá tèmi ni kò gbé e," ni wọ́n ní. "Ó ti gbó."

Láàárọ̀ ọjọ́ Ajé, èmi àti Màmá wọkọ̀ lọ sí Ọ̀dẹ̀dá. Àkọ́bí olóògbé, obìnrin kan tó ti tó ìyá mi lọ́jọ́ orí, ló gbà wá sílé. Ó kúnlẹ̀ kí Màmá, ṣùgbọ́n ojú rẹ̀ kò túká.

"Màmá, a dúró dè yín," ó ní. "Ìyá wa máa ń sọ pé ẹ kì í fo ìkéde kan. Bíbélì wà lórí tábìlì, a bẹ àlùfáà pé kó ṣe sùúrù díẹ̀. Nígbà tó yá, òun fúnra rẹ̀ ló kà á."

"Ẹ̀bi mi ni, ọmọ mi," ni Màmá dáhùn. "Ojú arúgbó ni. Mi ò wò ó dáadáa. Ẹ foríjì mí." Wọ́n sì ń kúnlẹ̀ lọ. Obìnrin náà sáré gbá wọn mú, ó bú sẹ́kún.

Èmi wà níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ì bá tó láti gbé ẹ̀bi kúrò lórí ìyá àgbà kan, kó bọ́ sórí ẹni tó ni ín. Mi ò sọ ọ́. Mo tẹjú mọ́ ilẹ̀ bí ẹni tó ń ṣọ̀fọ̀, wọ́n tilẹ̀ ń bẹ̀ mí pé kí n má sunkún.

Ọdún méjì kọjá, mo ti sìnrú ìlú tán, kí n tó lè la ẹnu mi. Ọ̀sán ọjọ́ kan ni, Màmá ń bó ẹ̀gúsí. Mo kúnlẹ̀ sórí símẹ́ńtì, mo jẹ́wọ́ gbogbo rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀: géèmù, ètò inú tẹlifíṣọ̀n, irọ́ iná, irọ́ ẹ̀rọ tó jó. Màmá ń bó ẹ̀gúsí wọn lọ. Nígbà tí mo dákẹ́, wọ́n bi mí ní ìbéèrè kan.

"Ìdíje yẹn, ṣé o tiẹ̀ gba ipò kìíní?"

"Rárá, Màmá. Wọ́n nà mí."

"Hùn-ún." Wọ́n fẹ́ èèpo kúrò lórí ẹ̀gúsí. "Dìde. Ilẹ̀ tútù."

Mo rò pé ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ náà parí sí. Ṣùgbọ́n Màmá ṣì wà láyé, ìrántí wọn ló ń fi wọ́n sílẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Wọn ò rántí pé mo ṣẹ̀ wọ́n, wọn ò sì rántí pé wọ́n ti dárí jì mí. Ọ̀rẹ́ wọn ni wọ́n rántí. "Ìyá Ọ̀dẹ̀dá ò mà yà wá mọ́," ni wọ́n máa ń wí fún mi bí mo bá lọ tọ́jú wọn lópin ọ̀sẹ̀. Èmi náà á sọ pé ó ti kú, wọ́n á sì sunkún bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gbọ́. Lẹ́yìn ẹkún, wọ́n á béèrè pé, "Ṣé mo lọ?"

Lákọ̀ọ́kọ́, òtítọ́ ni mo máa ń sọ. Mo rò pé ìyà tó tọ́ sí mi nìyẹn. Ìgbà tó yá ni mo rí i pé Màmá ni ìyà náà ń jẹ, ara tèmi ló ń fúyẹ́.

Lọ́jọ́ Àìkú tó kọjá, wọ́n tún béèrè. Mo ní, "Ẹ lọ, Màmá. Ẹ ka Bíbélì. Ohùn yín já gaara, gbogbo èèyàn gbọ́."

Wọ́n mirí, ojú wọn tàn. Wọ́n wá ní, "Ibo ni mo kà?"

Mi ò mọ̀ ọ́n. Àwọn méjèèjì ti mú ibi tí wọ́n fẹ́ kí a kà látìgbà èwe wọn, kò sì wá sí mi lọ́kàn rí láti béèrè nígbà tí Màmá ṣì lè sọ ọ́. Mo gbé Bíbélì wọn lé wọn lọ́wọ́, mo ní kí wọ́n ṣí i fún mi. Wọ́n ń ṣí i lọ, wọ́n ń ṣí i bọ̀, ìka wọn ń tọ ìlà kan dé ìlà kan, títí oorun fi gbé wọn lọ lórí àga. Èmi ò kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn. Mo fi ọwọ́ mi sí ojú ewé tí wọ́n dé, kó má baà pa dé.