Ojú Ìwé Mọ́kànlá Inú Kọ̀ǹpútà Ìyàwó Mi

Lẹ́yìn tí ìyàwó mi kú, ohun tó kọ́kọ́ sú mi nínú ilé wa ní àdúgbò Òkè-Ìlá ní Adó ni iyán. Mo gbìyànjú àtigún ti ẹnì kan lẹ́ẹ̀mejì, mo bá gbé odó pamọ́ sẹ́yìn ilé. Àwọn ará ìjọ máa ń yà kí mi lẹ́yìn ìsìn. Wọ́n á ní, "Tíṣà, ẹ kú ulé o, ẹ kú ìdáwà," wọ́n á mu omi, wọ́n á sì lọ. Mi ò fẹ́ràn ìkíni yẹn rárá. Ẹni tó bá mọ̀ pé mo dá wà, kó jókòó.

Kọ̀ǹpútà rẹ̀ ni mo máa ń jí ṣí láràárọ̀, mo kàn ń wo bí iná rẹ̀ ṣe ń tàn ni, mi ò ka ohun tó wà nínú rẹ̀. Nọ́ọ̀sì ni ìyàwó mi, ọmọ Ìyìn sì ni. Nígbà tó fẹ̀yìn tì, ó ra kọ̀ǹpútà alágbèéká àlòkù kan, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ oríkì ìdílé ìyá rẹ̀ sínú rẹ̀, bí ìyá rẹ̀ ti máa ń kì wọ́n gẹ́lẹ́, ní ohùn Ìyìn, kì í ṣe ti Adó tèmi. Ó tẹ ti ọmọbìnrin wa kan ṣoṣo mọ́ ọn, èyí tó fi ń jí i láràárọ̀ nígbà tó wà ní kékeré. Ojú ìwé mọ́kànlá ni gbogbo rẹ̀. Ìyá rẹ̀ ti kú, àwọn àbúrò ìyá rẹ̀ náà ti lọ. Kò sí ibòmíràn tí oríkì yẹn tún wà.

Lọ́dún tó kọjá, ọmọ wa bí obìnrin ní Kánádà. Ó pè mí lórí fóònù. "Dádì, oríkì Mọ́mì ni mo fẹ́ máa fi jí ọmọ yìí. Ẹ ṣáà ṣí kọ̀ǹpútà yẹn, kí ẹ fi fóònù ya ojú rẹ̀, kí ẹ fi ránṣẹ́ sí mi."

Iṣẹ́ ìṣẹ́jú mẹ́wàá ni. Àmọ́ tíṣà ìjọba ni mí. Ní tiwa, ohun tí kò bá sí lórí bébà, tí kò sí nínú fáìlì, kò tíì ṣẹlẹ̀. Mo ní oríkì kì í ṣe oúnjẹ àríyá tí èèyàn ń ya ní fọ́tò. Mo ní màá tẹ̀ ẹ́ jáde ní ẹ̀dà mẹ́ta, ọ̀kan fún òun, ọ̀kan fún ọmọ rẹ̀, ọ̀kan fún fáìlì. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní, "Ẹ̀yin àti fáìlì yín."

Ẹ̀rọ ìtẹ̀wé ìyàwó mi wà lábẹ́ tábìlì. Mo so ó mọ́ kọ̀ǹpútà, kò dáhùn. Kọ̀ǹpútà ní òun kò mọ̀ ọ́n, àfi kí n wá dráífà rẹ̀, ìyẹn nǹkan kékeré tí wọ́n ń fi sínú kọ̀ǹpútà kí òun àti ẹ̀rọ mìíràn lè gbọ́ ara wọn yé. Díìsìkì tó bá a wá ti sọnù. Mo fi dátà fóònù mi wọ íńtánẹ́ẹ̀tì. Àwọn tó ṣe ẹ̀rọ náà ti pa á tì, wọn ò tọ́jú dráífà rẹ̀ mọ́. Ibòmíràn ni mo ti rí i, níbi tí bọ́tìnnì mẹ́rin wà, tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ń ní òun ni kí n tẹ̀. Mo tẹ èyí tó tóbi jù.

Ìlànà wà níbẹ̀ lẹ́sẹẹsẹ. Ìkẹta ní kí n kọ́kọ́ pa ohun tó ń ṣọ́ kọ̀ǹpútà lọ́wọ́ kòkòrò àìrí tó ń bà á jẹ́, torí kò ní jẹ́ kí iṣẹ́ yá. Ẹlòmíràn ìbá fura. Èmi ti fi gbogbo ayé mi sọ fáwọn akẹ́kọ̀ọ́ pé kí wọ́n ka ìlànà, kí wọ́n sì tẹ̀ lé e. Mo pa á. Àfọwọ́fà gbáà ni, mo lé ọlọ́dẹ lọ, mo sì ṣílẹ̀kùn fólè. Ibi gbogbo tí wọ́n ní kí n gbà, mo gbà, mo wá lọ gbé ẹ̀wà kaná. Nígbà tí mo padà, orúkọ gbogbo ohun tó wà nínú kọ̀ǹpútà, títí kan oríkì, ti di lẹ́tà tí kò nítumọ̀. Ìwé kan wà lójú kọ̀ǹpútà lédè Òyìnbó, pé àwọn ti ti gbogbo rẹ̀ pa, owó sì ni kọ́kọ́rọ́. Gírámà wọn kò dára. Mo jókòó síwájú rẹ̀ títí ẹ̀wà fi jóná.

Lọ́jọ́ kejì, mo gbé e lọ bá obìnrin kan tó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe ní àdúgbò Adébáyọ̀. Ó wò ó pẹ́. Ó ní, "Bàbá, kò sí dráífà kankan nínú ohun tí ẹ gbà wọlé. Àwọn olè mọ̀ pé ẹni tí kọ̀ǹpútà rẹ̀ bá ti gbó á máa wá irú nǹkan báyìí kiri. Ibẹ̀ ni wọ́n ń dẹ pàkúté sí."

Mo ní bí mo bá sanwó ńkọ́.

"Ẹ lè san án, kí wọ́n má dá yín lóhùn. Ṣé ẹ̀dà rẹ̀ wà ní ulé?"

Èmi tí mo fẹ́ ṣe mẹ́ta, mi ò ní ẹyọ kan. Mo fẹsẹ̀ rìn dé àdúgbò Fájuyì, kọ̀ǹpútà lábíyá mi, àwọn ọlọ́kadà ń pè mí, mò ń bá ìrìn mi lọ. Ó dà bíi pé mo tún ń sìnkú ìyàwó mi ni, láìrí ẹni bá mi dúró.

Mo mú bíírò, mo ní kí n kọ ohun tí mo rántí. "Ọmọ olókè, a-rójò-kó-tó-rọ̀." Kò ju bẹ́ẹ̀ lọ. Láràárọ̀ tí ìyàwó mi bá ń ki ọmọ wa, irùngbọ̀n ni mo máa ń fá. Mo tiẹ̀ máa ń ní kí wọ́n rẹ ohùn wọn sílẹ̀, kí n lè gbọ́ ìròyìn.

Ọjọ́ márùn-ún ni mi ò fi gbé fóònù ọmọ mi. Nígbà tí mo wá gbé e, mo jẹ́wọ́. Kò bá mi wí. Ó ní, "Ẹ jẹ́ kí n gbìyànjú rẹ̀, Dádì. Ibi tí mo bá ti ṣì í, kí ẹ bá mi tún un ṣe."

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í ki ọmọ rẹ̀. Ó dúró níbì kan, ó wá ọ̀rọ̀ títí, ó sì fi òmíràn dípò rẹ̀. Nígbà tó parí, ó bi mí pé, "Ṣé bí Mọ́mì ṣe ń sọ ọ́ nìyẹn?"

Mo ní bẹ́ẹ̀ gan-an ni. Mi ò mọ̀.