Ìyá Ìjọ Lójú Tẹlifíṣọ̀n

Òórùn àbẹ́là kì í tán nínú gbọ̀ngàn ìjọ wa ní Enugu Road, ọyẹ́ Kano yóò sì ti da eruku sórí gbogbo àga. Yàrá kan níbẹ̀ ni ẹ̀gbọ́n mi obìnrin fẹ́ gbà, kó lè máa kọ́ àwọn ọmọ Sabon Gari ní kọ̀ǹpútà. Ìwọ náà mọ bí ayé ṣe rí nígbà yẹn. Àhesọ ti gba ìjọ kan pé ẹ̀mí àìrí ló ń fèsì nínú ẹ̀rọ náà, àwọn alàgbà sì ní àwọn fẹ́ fojú ara àwọn rí i. Bí Ìyá Ìjọ bá fi lè ní rárá, ọ̀rọ̀ bùṣe.

Ojú kọ̀ǹpútà ọ̀hún kò ju àwo ọbẹ̀ lọ. Ta ni yóò rí i láti ìjókòó ẹ̀yìn? Ẹ̀gbọ́n mi wá rí ihò kan lẹ́yìn rẹ̀ tó gba wáyà tẹlifíṣọ̀n, la bá gbé tẹlifíṣọ̀n pálọ̀ wa dé. Mo ń yí bọ́tìnì rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ó ń hó ṣàà, àfi gbàgàdà tí lẹ́tà yọ! Ohun tó wà lójú kékeré ló wà lójú ńlá. Inú mi dùn débi pé mo pariwo nínú ilé Ọlọ́run.

Nígbà tí ìjọ pé jọ, tí Ìyá Ìjọ àti àwọn alàgbà jókòó, ẹ̀gbọ́n mi fi ọ̀wọ̀ bẹ̀rẹ̀, ó tẹ̀ ẹ́ pé: E KAABO IYA IJO. Kọ̀ǹpútà òyìnbó, ibo ni yóò ti rí àmì orí àti ti abẹ́ lẹ́tà? Àwọn akọrin wa, ọmọ tí a bí sí Kano tí Hausa yọ̀ mọ́ lẹ́nu ju Yorùbá lọ, kà á sókè lẹ́ẹ̀kan náà: “Ẹ káàbọ̀, Ìyá Ijó!”

Àwọn alàgbà yíjú síra wọn.

“Ijó kẹ̀?” Ìyá Ìjọ bèèrè.

Ẹ̀gbọ́n mi ti wà lórí ìkúnlẹ̀. “Ẹ má bínú, Màmá. Ìjọ ni mo kọ o, mashín yìí ni ò mọ àmì.”

Màmá nu awò ojú rẹ̀, ó tún un kà. Ó dìde, ó gbá etí sùtánà rẹ̀ mú, ló bá bẹ̀rẹ̀ sí í jó! Àwọn akọrin ń pàtẹ́wọ́, àwọn alàgbà ń rẹ́rìn-ín.

“Kai! Ẹ fún wọn ní yàrá,” ó ní. “Èyí tó mọ̀ pé mo mọ ijó jó, ẹ̀mí rere ni.”

Títí dòní, bí mo bá rí ẹni tó so tẹlifíṣọ̀n mọ́ kọ̀ǹpútà rẹ̀, ara mi á yá gágá. Ká ní ojú kékeré yẹn nìkan la ní, àwa méjì péré ni ìbá rí àṣìṣe yẹn, à bá sì ti pa á rẹ́ kíákíá. Àlàyé tí a ti ń ṣe láti oṣù mélòó kan kò lé ẹ̀rù lọ. Ẹ̀rín tí gbogbo wa jọ rín ló lé e.